Wàrà kì í yọ́, ó sì dára bẹ́ẹ̀

Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́ kí ọ̀rọ̀ tó pọ̀. Nínú gbogbo oúnjẹ òyìnbó tí wọ́n ń kọ́ àwọn ọmọ wa ní kíláàsì oúnjẹ sísè, èyí tó sún mọ́ wa jù ni búrẹ́dì tí wọ́n fi ẹran àti ṣíìsì sí láàrin, tí wọ́n rì bọ inú ẹyin, tí wọ́n wá dín nínú òróró díẹ̀. Òun gan-an ni wọ́n sì ń kọ́ wọn bí ẹni pé ojú sánmà ló ti já bọ́. Èmi tí mo ti ń ta oúnjẹ àárọ̀ ní Òkè-Àgbò, ní Ìjẹ̀bú-Igbó, láti ìgbà tí àwọn ọmọ yunifásítì Àgọ́-Ìwòyè ṣì ń pe ilé ẹ̀kọ́ wọn ní OSU, ọ̀rọ̀ yìí ń dùn mí, mi ò sì ní gbé e mì.

Àwọn Amẹ́ríkà ń pe oúnjẹ náà ní Monte Cristo. Hámù, tòlótòló àti ṣíìsì ilẹ̀ Switzerland ni wọ́n ń kó sí i láàrin. Bí wọ́n bá dín in tán, wọ́n á bu ṣúgà lẹ́búlẹ́bú lé e lórí, wọ́n á sì gbé jáàmù sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́. Láàrin ọdún 1960 sí 1970 ni òkìkí rẹ̀ kàn ní California, nígbà tí ọgbà ìgbafẹ́ Disneyland bẹ̀rẹ̀ sí í tà á. Ọmọ ìyá rẹ̀ kan wà ní ilẹ̀ Faransé tí wọ́n ń pè ní croque-monsieur, èyí tó ti wà ní àwọn ilé kọfí Paris láti nǹkan bí ọdún 1910; àwọn Faransé kì í sábà ri tiwọn bọ ẹyin, yíyan ni wọ́n ń yan án. Orúkọ Monte Cristo náà bá ti ìwé ìtàn àròsọ Alexandre Dumas mu, èyí tó jáde láàrin ọdún 1844 sí 1846. Ìyá tó bí bàbá Dumas yìí, ẹrú adúláwọ̀ ni ní erékùṣù tí Haiti wà lónìí. Mo kàn ní kí n fi ìyẹn kún un ni, fún àwọn tó gbà pé ohun tó bá ti ní orúkọ òyìnbó kò lè kàn wá.

Ẹ wá wo ọ̀dọ̀ wa. Bí ilẹ̀ bá ti ń ṣú, tí àwọn ọlọ́kadà ń tan iná iwájú, máíṣáì á ti gbé bẹ́ǹṣì rẹ̀ sí ẹ̀bá títì. Ẹ ti mọ bó ṣe ń ṣe é. Á fọ́ ẹyin méjì sínú ife onírin, á rẹ́ àlùbọ́sà àti ata rodo sí i, á fi ṣíbí gbò ó títí ariwo rẹ̀ á fi kan ẹni tó wà lódìkejì ọ̀nà, á dà á sórí páànù. Kí ẹyin tó dì tán, á la búrẹ́dì sí méjì, á da ojú rẹ̀ bo ẹyin náà, á tẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn, á yí i padà. Oníbàárà kan á ní kó bá òun fi sàdíìnì sí i. Òmíràn á ti ra sùyà dání wá, á ní kó kó o sí i láàrin. Búrẹ́dì, ẹyin, ẹran, òróró, páànù: kí ló wá kù? Wàrà nìkan ló kù. Àwọn ará Òkè Ọya tó ń dín ẹyin yìí fún wa sì mọ wàrà jù wá lọ; wọn ò kàn tíì gbé e pàdé búrẹ́dì lórí páànù kan náà ni.

Ọmọ àbúrò mi kan ń kọ́ iṣẹ́ oúnjẹ ní ilé ẹ̀kọ́ kan tí mi ò ní dárúkọ. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2011 ni ìjọba àpapọ̀ mú iṣẹ́ ọwọ́ 34 wọ inú ẹ̀kọ́ girama àgbà, tí Catering Craft Practice sì wà lára wọn. Mo yìn wọ́n fún un. Ó dára kí ọmọ lè fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe nǹkan kó tó jáde ìwé mẹ́wàá. Àmọ́ nígbà tí ọmọ yìí mú ìwé ohun tí wọn yóò rà fún iṣẹ́ àṣefihàn wá bá mi, ńṣe ni mo wọ jígí mi kí n tó tún un kà. Hámù, páálí kan. Ṣíìsì Emmental. Búrẹ́dì onígun mẹ́rin tí wọ́n ti gé sílẹ̀. Jáàmù. Ṣúgà lẹ́búlẹ́bú. Owó hámù àti ṣíìsì nìkan ju owó gbogbo ìyókù lọ, àwọn ọmọ mẹ́rin ni wọ́n sì ní kó pín ẹyọ kan ṣe. Ìyá ọmọ yìí, gààrí ló ń tà. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jọ̀ọ́, kí ni wọ́n ń pè ní Emẹ́ńtà?” Mo ní, “Wàrà ni, wàrà tó wọ ọkọ̀ òfurufú.” Wọ́n wá a dé Ìjẹ̀bú-Òde. Ohun tí wọ́n rí rà bọ̀ kì í tilẹ̀ ṣe òun, àwọn pẹlẹbẹ inú ọ̀rá tí wọ́n ń fi sínú bọ́gà ni.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú hámù kúrò ńlẹ̀. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀ ni. Ní Ìjẹ̀bú-Igbó níbí, abẹ́ òrùlé kan náà ni Mùsùlùmí àti Kìrìsìtẹ́nì ti ń jẹun. Agbo ilé tí ẹ ò bá ti rí Àlhájì, tí ẹ ò sì rí Díákónì, ẹ tún un kà dáadáa. Oúnjẹ tí ìdajì kíláàsì kò lè tọ́ wò, báwo ni wọn ó ṣe mọ̀ bóyá iyọ̀ rẹ̀ tó? Inú fíríìjì sì ni hámù ń gbé, a sì mọ irú iná tí wọ́n ń fún wa. Ní oṣù kẹfà ọdún 2015, Báńkì Àpapọ̀ yọ oríṣi ọjà 41 kúrò lára ohun tí wọ́n lè fi dọ́là ìjọba rà wọlé, ẹran àti ohun tí wọ́n fi ẹran ṣe sì wà nínú wọn. Wọ́n ti ká ìdènà náà kúrò ní oṣù kẹwàá ọdún 2023, ṣùgbọ́n náírà ti já wálẹ̀ kí ó tó dìgbà náà, mi ò sì tíì bá ẹni tó sọ fún mi pé òun rí hámù tó gbọ̀wọ́. Tòlótòló inú yìnyín tí gbogbo wa fẹ́ràn ńkọ́? Òfin ti ní kó má wọlé láti òkè òkun, ó ti lé ní ogún ọdún. Bó ṣe wá ń dé orí àwo wa, ẹ bi àwọn ọ̀nà ẹ̀yìn Ìdí-Ìrókò.

Ẹran màlúù wà. Adìẹ àgbà tó ti yé ẹyin títí wà, èyí tí ẹran rẹ̀ le, tó sì dùn bí a bá sè é pẹ́. Sùyà wà. Bí ẹ bá jẹ́ ará ẹ̀bá omi ní ìhà Abígí, tí ẹ sì ní ẹja sísun lẹ fẹ́ fi sí i, mi ò ní bá yín jà. Ẹ ṣáà yọ egungun rẹ̀ tán.

Ọ̀rọ̀ wàrà ni mo fẹ́ jókòó tì. Àwọn ìyá Fúlàní ló ni iṣẹ́ yẹn. Wọ́n á gbé mílíìkì màlúù ka iná tí kò le, wọ́n á gún ewé bomubomu, wọ́n á fi mílíìkì díẹ̀ fọ oje rẹ̀ jáde, wọ́n á sẹ́ ẹ sínú ìkòkò. Ohun kan wà nínú oje ewé náà tó ń gé èròjà amúnidàgbà inú mílíìkì, tó ń jẹ́ kó dì. Iná ló wá ń parí iṣẹ́. Bó bá yá, omi á yà sọ́tọ̀, èyí tó dì á máa léfòó. Wọ́n á bù ú sínú agbọ̀n kékeré kó ro. Ẹni tó bá gbé wàrà sọ́wọ́ tó wò ó dáadáa á rí ojú agbọ̀n náà lára rẹ̀, ìlà lórí ìlà. Ní orílẹ̀-èdè Benin, níbi tí wọ́n ti ń pè é ní wagashi, wọ́n tún máa ń rẹ ẹ́ sínú omi èèpo pòpórò ọkà bàbà kí awọ rẹ̀ lè pọ́n.

Bí wọ́n ṣe fi oje ewé àti iná dì í yìí, wàrà kì í yọ́. Ẹ dín in, ẹ sun ún, ẹ jù ú sínú ọbẹ̀, kò ní torí ẹ di omi. Òde rẹ̀ á gan, á pọ́n, inú rẹ̀ á rọ̀. Olùkọ́ ọmọ àbúrò mi ní àbùkù rẹ̀ nìyẹn. Èmi ní iyì rẹ̀ nìyẹn. Halloumi tí àwọn ará Cyprus ń ṣe kì í yọ́. Paneer àwọn ará India kì í yọ́. Ará wa tó wà ní London tí àárò wàrà ń sọ, halloumi ló ń rà ní ṣọ́ọ̀bù tó ń dín jẹ, ó sì ń fi pọ́n-ùn rà á. Gbogbo ayé ń náwó lórí ṣíìsì tí kì í yọ́, àwa tí wọ́n ń gbé tiwa kiri fún nínú igbá, a ní kò kájú òṣùwọ̀n.

Kí n má tàn yín, ilẹ̀ igbó ni tiwa. Màlúù ò pọ̀ níbí bíi ti Ìséyìn tàbí Ṣakí, kì í sì í ṣe ojoojúmọ́ lẹ ó rí wàrà màlúù. Wàrà sóyà ló sábà máa ń wà. Ẹ bèèrè kí ẹ tó sanwó, torí bí ẹ bá rí wọn lókèèrè, wọ́n jọra. Àmọ́ ti sóyà ní òórùn ẹ̀wà díẹ̀, ó sì máa ń fọ́ bí a bá gé e tín-ín-rín jù. Èyí tó bá wà lẹ ó lò. Àwọn méjèèjì kì í yọ́.

Ọmọ àbúrò mi yẹn tún wá ṣàlàyé fún mi pé bí mo bá fi wàrà sí i, kò ní fà. Mo ní kí ló fẹ́ fà? Ó ní tí wọ́n bá la búrẹ́dì náà sí méjì, ó yẹ kí ṣíìsì máa fà láti apá kan dé èkejì, kí àwọn lè yà á sí fóònù. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Ọmọ Ìjẹ̀bú tí ilá àti ewédú ti ń fà ní ọrùn ọwọ́ rẹ̀ láti ìgbà tó ti ń jókòó, tó bá ń wá ohun tó ń fà, ó mọ ilé wọn! Fóònù kì í tọ́ iyọ̀ wò. Àwọn tó ń jẹun lọ́dọ̀ mi láàárọ̀, àwọn oníṣẹ́ sọ́míìlì ni, àti àwọn tó ń lọ sí oko kòkó. Wọ́n ń ká tiwọn sínú pépà, wọ́n ń kì í bọ àpò, ó di aago mẹ́wàá kí wọ́n tó ṣí i. Ṣíìsì tó bá yọ́ láàárọ̀ á ti tutù, á ti dì gbagidi, á ti lẹ̀ mọ́ pépà. Wàrà á wà níbi tí mo gbé e sí.

Búrẹ́dì tí wọ́n kọ sínú ìwé náà tún bí mi nínú ju hámù lọ. Kí ló dé tó fi gbọ́dọ̀ jẹ́ onígun mẹ́rin inú ọ̀rá? Búrẹ́dì tí à ń jẹ, tí Èkó sọ ní búrẹ́dì Àgége, kì í ṣe ohun tí wọ́n kàn ń ṣe bákan ṣáá. Ọmọ Jàmáíkà kan, Amos Shackleford, wá sí Nàìjíríà ní ọdún 1913 láti ṣiṣẹ́ rélùwéè. Ó fi iṣẹ́ náà sílẹ̀, ó sì dá ilé búrẹ́dì sílẹ̀ ní Èkó ní ọdún 1921. Kó tó kú ní ọdún 1954, ọba oníbúrẹ́dì ni wọ́n ti ń pè é. Òun ni wọ́n kà sí ẹni tó mú ẹ̀rọ tó ń fi irin róbótó méjì tẹ ìyẹ̀fun pípò wọ ilẹ̀ yìí, èyí tí àwọn oníbúrẹ́dì ń pè ní mílì. Ẹni tó bá ti dúró ní ilé búrẹ́dì lóru á mọ ohun tí mò ń sọ. Ọmọkùnrin kan á wà nídìí rẹ̀, láìwọ ẹ̀wù, á ki ìyẹ̀fun pípò bọ àárín irin, ìyẹn á jáde ní pẹlẹbẹ lódìkejì, á ká a, á yí i, á tún kì í bọ̀ ọ́, títí ara rẹ̀ á fi máa dán bí ẹ bá gbé iná sí i. Ìtẹ̀mọ́lẹ̀ yìí ló ń lé atẹ́gùn jáde, tó ń jẹ́ kí inú búrẹ́dì wa ki, tí kò fi ní ihò ńláńlá. Búrẹ́dì tí inú rẹ̀ ki kì í tètè mu ẹyin yó. Onígun mẹ́rin yẹn, ẹ rì í bọ ẹyin kí ẹ ka ení, èjì. Kí ẹ tó dé ẹ̀ta ó ti wó sí yín lọ́wọ́.

Ṣúgà sì wà nínú tiwa. Ẹni tó ń bu ṣúgà lé Monte Cristo lórí, ohun tó máa bá iyọ̀ hámù dọ́gba ló ń wá, torí búrẹ́dì tirẹ̀ kò dùn. Tiwa ti dùn láti inú ààrò. Bí ẹran oníyọ̀ àti ata bá ti wọ àárín rẹ̀, wọ́n ti dọ́gba nìyẹn. Ẹni tó bá tún gbé jáàmù lé e, àkàrà òyìnbó ló ń ṣe, kó lọ wá àbẹ́là sí i.

Kí ẹ má baà ní ẹnu lásán ni mò ń jà, bí mo ṣe ń ṣe é nìyí. Búrẹ́dì àná ni mo máa ń lò. Tòní rọ̀ jù, ọ̀bẹ á fún un pa. Mo máa ń gé e nípọn tó ìka kan. Ẹran màlúù àná náà ni, èyí tí mo ti sè pẹ̀lú àlùbọ́sà, táìmù, kọ́rí àti ata, tí mo sì gbé kúrò lórí iná kó tó rọ̀ jù. Bó bá tutù tán, màá dábùú iṣan rẹ̀ gé e ní pẹlẹbẹ. Ẹ má gé e tẹ̀lé iṣan, torí ìgbà àkọ́kọ́ tí oníbàárà bá gé e jẹ, odindi ẹran náà á bá eyín rẹ̀ jáde, á wá ku búrẹ́dì lásán dání. Bó bá jẹ́ sùyà ni, ẹ gbọn yájì ara rẹ̀ dànù dáadáa. Kúlíkúlí inú yájì máa ń jó nínú òróró, á sì korò. Ẹ lè wọ́n díẹ̀ padà sí i bó bá kúrò lórí iná.

Wàrà ni kò fẹ́ ìkánjú. Omi pọ̀ nínú rẹ̀, kò sì ní iyọ̀, bẹ́ẹ̀ iyọ̀ hámù ni wọ́n fi ń jẹ ti òyìnbó. Nítorí náà, ẹ gé e ní pẹlẹbẹ, ẹ wọ́n iyọ̀ sí i tojú tẹ̀yìn, ẹ tẹ́ ẹ sáàárín aṣọ tó mọ́, kí ẹ gbé ọmọ ọlọ lé e lórí. Kí ẹ tó gé ẹran tán, aṣọ yẹn á ti rin gbingbin. Lẹ́yìn náà, ẹ kọ́kọ́ dín wàrà náà lọ́tọ̀, kí ojú rẹ̀ kàn pọ́n díẹ̀. Iṣẹ́ kan wà tí ṣíìsì òyìnbó ń fi yíyọ́ ṣe, tí wàrà ò ní bá yín ṣe: ó máa ń lẹ búrẹ́dì méjèèjì pọ̀. Mo gbà bẹ́ẹ̀. Ohun tí mo máa ń ṣe sí i ni pé màá mú wàrà díẹ̀, màá fi fọ́ọ̀kì tẹ̀ ẹ́ mọ́ bọ́tà àti ṣíbí ẹyin kan, màá fi pa inú búrẹ́dì ní ọwọ́ méjèèjì. Bí iná bá dé ibẹ̀, ẹyin yẹn á dì, á sì di gbogbo ẹrù mú.

Ẹyin méjì fún ẹni kan. Ẹ fi ṣíbí mílíìkì agolo méjì sí i, iyọ̀ ṣín-ún, ata gígún. Kò sí àlùbọ́sà. Ibi tí èmi àti máíṣáì ti pín gààrí nìyí. Nínú ẹyin tirẹ̀, àlùbọ́sà wà ní àyè rẹ̀, torí àárín ni ẹyin náà ń gbé. Nínú ẹyin tí a fẹ́ fi wọ búrẹ́dì láṣọ, àlùbọ́sà kì í jẹ́ kí aṣọ náà dì mọ́ ọn lára, òun náà ló sì kọ́kọ́ ń jó. Ẹ kó o sí inú pẹ̀lú ẹran.

Páànù tó wúwo, òróró tó kàn bo ojú rẹ̀, iná tó wà láàrin méjì. Ẹ kán ẹyin kín-ún sí i kí ẹ fi gbọ́ ohùn rẹ̀. Bó bá hó ṣàà tó pọ́n lójú ẹsẹ̀, iná ti pọ̀ jù, òde á jóná nígbà tí inú ṣì tutù. Bó bá jókòó síbẹ̀ láìdún, ẹ ní sùúrù, torí búrẹ́dì tó bá bọ́ sínú òróró tí kò gbóná á mu ún tán ni. Ẹ ri apá kan, ẹ yí i, ẹ ri apá kejì, ẹ fi ẹ̀gbẹ́ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin kan ẹyin pẹ̀lú nítorí ibẹ̀ ni ẹran ti máa ń yọ́ sá jáde, ẹ gbé e sókè kó ro. Ẹ má fi sílẹ̀ nínú àwo ẹyin kí ẹ wá lọ dá ẹni tó ń pè yín lóhùn. Bó bá ti dé orí páànù, ẹ bò ó fún ìṣẹ́jú mẹ́ta, ẹ má yẹ̀ ẹ́ wò. Ẹ yí i, ẹ ṣí i sílẹ̀, ẹ tún fún un ní méjì sí mẹ́ta. Ẹ gé e láti igun dé igun. Ẹ ó rí ẹyin lóde tó pọ́n, búrẹ́dì funfun tí ooru ń yọ lára rẹ̀, ẹran, àti wàrà tó ní ìlà pupa tín-ín-rín lójú méjèèjì níbi tí páànù ti kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n.

Ẹnì kan sọ fún mi pé ọmọ tó fẹ́ lọ ṣiṣẹ́ ní òtẹ́ẹ̀lì ìlú òyìnbó gbọ́dọ̀ mọ Emmental. Ta ló ní kó má mọ̀ ọ́n? Àmọ́ ohun tí ọmọ ń kọ́ nídìí oúnjẹ yìí ni bí wọ́n ṣe ń mọ iná, bí wọ́n ṣe ń gbẹ omi lára ohun tí wọ́n fẹ́ dín, bí ẹyin ṣe ń dì àti ìgbà tó ń dì. Ọwọ́ tó bá ti mọ ìyẹn lórí wàrà, àárọ̀ ọjọ́ kan ni yóò fi mọ ti Emmental. Ọmọ tó jẹ́ pé ẹ̀ẹ̀kan péré ló rí Emmental kó tó jáde ìwé, tí òun àti àwọn mẹ́ta mìíràn jọ ń du ẹ̀bú kan, tí olùkọ́ ń pariwo pé kí wọ́n má bà á jẹ́ torí owó rẹ̀, kí ló kọ́? Ìbẹ̀rù ló kọ́. Oúnjẹ tí ẹ bá ń bẹ̀rù láti bàjẹ́, ẹ ò lè mọ̀ ọ́n sè.

Ẹlòmíràn á ní, ṣebí àlìkámà tí wọ́n fi ṣe búrẹ́dì fúnra rẹ̀ ń ti òkè òkun bọ̀. Òótọ́ ni, èyí tí wọ́n ń gbìn ní Òkè Ọya kò tó nǹkan lára èyí tí à ń jẹ. Ṣùgbọ́n mi ò sọ pé ká lé àlejò. Shackleford fúnra rẹ̀, àlejò ni. Búrẹ́dì ti pẹ́ lọ́wọ́ wa, a ti fi mílì tẹ̀ ẹ́, a ti fi ṣúgà sí i, ó ti di tiwa. Hámù kò tíì bá wa gbé bẹ́ẹ̀, kò sì yẹ kó jẹ́ inú kíláàsì ọmọ oníṣẹ́ gààrí la ó ti máa kí i káàbọ̀.

Ohun tí mò ń bèèrè lọ́wọ́ àwọn tó ń ṣètò ìdánwò àti àwọn olùkọ́ wa kò le. Kí wọ́n kọ “tàbí” sínú ìwé ohun rírà: hámù tàbí ẹran màlúù, Emmental tàbí wàrà, búrẹ́dì tó bá wà ní àdúgbò. Kí wọ́n fún ọmọ ní máàkì bí òde bá pọ́n, tí inú gbóná, tí kò mu òróró, tí kò tú ká bí a bá gé e. Kí wọ́n má sì yọ máàkì ẹnikẹ́ni nítorí pé kò fà. Olùkọ́ kan ti ní òun á kó kíláàsì òun wá sí ìdí páànù mi ní Sátidé kan ní sáà tó ń bọ̀. Mo ní kí wọ́n máa bọ̀, búrẹ́dì àná wà ńlẹ̀; kí kálukú ṣáà mú ẹyin méjì tirẹ̀ dání.